Omi tó ń dúró sínú àpótí ọṣẹ ẹ̀rọ ìfọṣọ

Àpótí ọṣẹ ni ibi tí à ń fà síta níwájú ẹ̀rọ ìfọṣọ láti da ọṣẹ sí. Tiroir ni ọ̀pọ̀ wa ń pè é. Ojú mẹ́ta ló sábà máa ń ní. II ni ti ìfọṣọ gan-an, èyí tó ní àmì òdòdó sì ni ti adoucissant tó ń mú aṣọ rọ̀.

Bí omi díẹ̀ bá kù sí ojú olódòdó, ẹ má jáyà, bó ṣe máa ń rí nìyẹn. Àmọ́ bó bá kún, siphon ló dí, ìyẹn ìdérí kékeré tó bo ihò tí omi ń gbà lọ. Adoucissant tó ki a máa dì síbẹ̀ bí ẹ̀kọ. A mọ ẹni tó fẹ́ ta ẹ̀rọ rẹ̀ lọ́pọ̀ nítorí ihò yìí nìkan! Kẹ́ ẹ tó pe oníṣẹ́, ẹ yọ ẹ̀rọ kúrò lára iná, ẹ fa àpótí náà jáde pátápátá, ẹ yọ siphon, ẹ rẹ ẹ́ sínú omi lọ́wọ́ọ́wọ́, kẹ́ ẹ fi búrọ́ọ̀ṣì ìfọyín fọ ihò náà. Ẹ má da adoucissant kọjá ìlà MAX mọ́.

Bó bá jẹ́ ojú II ni omi àti ọṣẹ kù sí, omi tó ń wọlé ni ò lágbára. Ẹ ti omi, kẹ́ ẹ fọ asẹ́ kékeré tó wà lẹ́nu rọ́bà lẹ́yìn ẹ̀rọ. Iyanrìn a máa dí i. Táǹkì tí kò ga tó náà ò lè ti omi dáadáa.

Ẹ ṣí àpótí náà sílẹ̀ díẹ̀ lẹ́yìn ìfọṣọ, kó má baà bu.