Ẹlẹ́yàmẹ̀yà àti ìjọba Amẹ́ríkà lókè òkun

Nígbà tí Amẹ́ríkà ṣẹ́gun Sípéènì lọ́dún 1898, Puerto Rico, Guam àti Filipíìnì bọ́ sí i lọ́wọ́. Ọ̀pọ̀ gbà pé ìgbéraga aláwọ̀ funfun ló sún un dé ìdí gbígba ilẹ̀ onílẹ̀. Òótọ́ ni, àmọ́ kò tán síbẹ̀. Sẹ́nétọ̀ Albert Beveridge gbà pé Ọlọ́run ló yan ẹ̀yà tòun láti ṣàkóso àwọn yòókù. Benjamin Tillman ti South Carolina, tó ń fọ́nnu pé àwọn ti gba ẹ̀tọ́ ìdìbò lọ́wọ́ aláwọ̀ dúdú, tako gbígba Filipíìnì: kò fẹ́ kí àwọn tí kì í ṣe funfun tún pọ̀ sí i lábẹ́ àsíá ilẹ̀ rẹ̀. Ẹ̀tanú kan náà ló ti ẹnì kan síwájú tó sì fa èkejì sẹ́yìn.

Lọ́dún 1901, ilé ẹjọ́ tó ga jù dájọ́ pé Puerto Rico jẹ́ ti Amẹ́ríkà, ṣùgbọ́n kì í ṣe ara rẹ̀. Adájọ́ Henry Brown, ẹni tó kọ ìdájọ́ 1896 tó fàyè gba yíya dúdú sọ́tọ̀ nínú ọkọ̀ ojú irin Louisiana, ló kéde rẹ̀. Kò yani lẹ́nu.