Ìtàn Bí Eré Orí Kọ̀ǹpútà Ṣe Di Ohun Tí Ń Tún Ara Rẹ̀ Ṣe

Ní àkókò tí eré orí kọ̀ǹpútà kọ́kọ́ di ọjà, bí ìwé ni wọ́n ti ń tà á. Ilé-iṣẹ́ tí ó ṣe é a tẹ̀ ẹ́ sí orí díìsìkì, a dì í sínú páálí, a sì kó o fún àwọn oníṣòwò. Láti ọjọ́ tí ẹni tí ó rà á bá ti gbé e dé ilé, kò sí ẹni tí ó tún lè fi ọwọ́ kàn án mọ́. Bí ó bá ní àlébù, àlébù rẹ̀ di ara rẹ̀. Bí ó bá dára, dídára rẹ̀ kò lè ṣá. Ẹni tí ó rà á ní ọdún 1990, tí ó sì gbàgbé rẹ̀ sínú àpótí fún ọdún mẹ́wàá, yóò bá a gẹ́gẹ́ bí ó ti fi í sílẹ̀ gan-an. Lónìí, ẹni tí ó bá fi eré sílẹ̀ lọ sùn ní alẹ́ lè jí ní òwúrọ̀ kí ó bá ohun mìíràn nípò rẹ̀. Ìtàn bí ọ̀rọ̀ ṣe ti ibẹ̀ dé ibí yìí jẹ́ ìtàn ẹ̀rọ, ó sì jẹ́ ìtàn ẹni tí ó ni nǹkan.

Nígbà tí íntánẹ́ẹ̀tì bẹ̀rẹ̀ sí í tàn kálẹ̀ láàárín ọdún 1990 sí 1999, àwọn ilé-iṣẹ́ rí ọ̀nà láti tún àṣìṣe wọn ṣe lẹ́yìn tí ọjà ti kúrò ní ọwọ́ wọn. Wọn a ṣe fáìlì kékeré kan, wọn a sì gbé e sí ibi tí ẹnikẹ́ni ti lè gbà á. Orúkọ tí àwọn elédè Gẹ̀ẹ́sì fún un kò yàtọ̀ sí èyí tí aránṣọ ń lò fún ègé aṣọ tí a fi ń dí ojú ihò: àbùlẹ̀. Ṣùgbọ́n eléré fúnra rẹ̀ ni yóò gbọ́ pé àbùlẹ̀ ti jáde, òun ni yóò wá a lọ, òun ni yóò sì fi okùn tẹlifóònù fà á wọlé díẹ̀díẹ̀, nígbà mìíràn fún wákàtí púpọ̀. Ẹni tí kò gbọ́ kò mọ̀, a sì máa bá eré àtijọ́ rẹ̀ lọ. Fún ẹni tí ń dá ṣeré nínú yàrá rẹ̀, kò sí ewu níbẹ̀. Fún àwọn tí ń bá ara wọn ṣeré láti ìlú dé ìlú, ọ̀ràn ńlá ni.

Ní ọdún 1996, Gabe Newell àti Mike Harrington, àwọn méjèèjì tí wọ́n ti ṣiṣẹ́ ní Microsoft, dá ilé-iṣẹ́ Valve sílẹ̀ ní Kirkland, ní ìpínlẹ̀ Washington ní Amẹ́ríkà. Eré wọn àkọ́kọ́, Half-Life, jáde ní oṣù kọkànlá ọdún 1998, òkìkí rẹ̀ sì kàn. Ọmọ tí eré náà bí ni ó wá fa wàhálà. Ní ọdún 1999, àwọn ọ̀dọ́ méjì, Minh Le àti Jess Cliffe, mú Half-Life, wọ́n sì tún un hun di eré mìíràn, Counter-Strike, nínú èyí tí ẹgbẹ́ méjì ń dojú ìjà kọ ara wọn lórí íntánẹ́ẹ̀tì. Valve rà á, ó gba àwọn méjèèjì sí iṣẹ́, ó sì tà á nínú páálí ní ọdún 2000.

Kí ẹ̀rọ méjì tó lè bá ara wọn ṣe irú eré bẹ́ẹ̀, ẹ̀dà kan náà ni ó gbọ́dọ̀ wà nínú méjèèjì. Bí ògiri kan bá wà nínú ẹ̀dà Àìná tí kò sí nínú ẹ̀dà Òjó, ta ni yóò sọ bóyá ọta kọjá tàbí kò kọjá? Nítorí náà, nígbàkígbà tí Valve bá gbé àbùlẹ̀ jáde, agbo àwọn eléré a fọ́ sí méjì, ọ̀pọ̀ nínú wọn a sì wà lóde fún ọjọ́ díẹ̀ kí wọ́n tó tún péjọ. Àìrìnpọ̀ ejò ni ó ń jẹ ejò níyà. Àwọn arẹ́nijẹ wà níbẹ̀ pẹ̀lú, àwọn tí ń fi ọgbọ́n àlùmọ̀kọ́rọ́yí rí ọ̀tá lẹ́yìn ògiri. Bí Valve bá dí ọ̀nà wọn lónìí, ọjọ́ a kọjá kí ìdènà náà tó dé ọ̀dọ̀ gbogbo ènìyàn.

Valve kọ́kọ́ wá ẹni tí yóò bá a ṣe ọ̀nà tí àtúnṣe lè gbà máa wọ ilé gbogbo eléré láìjẹ́ pé wọ́n ń wá a kiri. Ó tọ àwọn ilé-iṣẹ́ ńlá lọ, Microsoft àti Yahoo wà lára wọn. Kò sí èyí tí ó gbà. Ó wá fi ọwọ́ ara rẹ̀ ṣe é. Ní oṣù kẹta ọdún 2002 ni ó kéde rẹ̀ ní àpérò àwọn tí ń ṣe eré. Ní ọjọ́ 12 oṣù kẹsàn-án ọdún 2003 ni ó fi í lélẹ̀ fún gbogbo ènìyàn. Steam ni wọ́n sọ ọ́. Bí ó ti ń ṣiṣẹ́ kò ṣòro láti yé ni: ètò kékeré kan wà nínú ẹ̀rọ eléré, òun ni í máa béèrè lọ́wọ́ sẹ́fà Valve bóyá ẹ̀dà tí ó wà nílé bá ti ọ̀dọ̀ wọn mu. Bí kò bá bá a mu, a gba èyí tuntun wọlé, a sì fi rọ́pò ti àtijọ́. Kò sí ìgbà tí ó ń béèrè lọ́wọ́ onílé.

Kí òǹkàwé má ṣe rò pé ijó ni wọ́n fi pàdé rẹ̀. Ọ̀pọ̀ eléré ni ó ṣì ń lo okùn tẹlifóònù ní ọdún wọ̀nyí, Steam sì wúwo fún wọn; àwọn sẹ́fà a máa dí pa, ẹni tí ó fẹ́ ṣeré fún ìṣẹ́jú díẹ̀ a sì jókòó máa wo ìlà tí ń lọ bí ìgbín. Wọ́n bú u, wọ́n fi ṣe yẹ̀yẹ́. Ṣùgbọ́n ní ọjọ́ 31 oṣù keje ọdún 2004, Valve ti ètò àtijọ́ tí àwọn eléré Half-Life fi ń rí ara wọn, World Opponent Network, pa. Ẹni tí ó bá fẹ́ máa bá ẹgbẹ́ ṣeré, Steam nìkan ni ó kù fún un. Nígbà tí Half-Life 2 jáde ní ọjọ́ 16 oṣù kọkànlá ọdún náà, ẹni tí ó rà á nínú páálí pẹ̀lú díìsìkì lọ́wọ́ kò lè ṣí i bí kò bá kọ́kọ́ forúkọ sílẹ̀ lọ́dọ̀ Steam lórí íntánẹ́ẹ̀tì. Àwọn tí ó fẹ́ wọlé lẹ́ẹ̀kan náà pọ̀ ju agbára àwọn sẹ́fà lọ, àwọn kan sì wà tí wọ́n gbé eré dé ilé tí wọn kò rí i ṣe ní ọjọ́ náà. Níhìn-ín ni ọ̀rọ̀ ti yí. Ohun tí wọ́n dá sílẹ̀ láti máa kó àbùlẹ̀ kiri ti di ẹnu-ọ̀nà, kọ́kọ́rọ́ rẹ̀ sì wà lọ́wọ́ ẹlòmíràn.

Láti ọdún 2005 ni Valve ti bẹ̀rẹ̀ sí í ta eré àwọn ilé-iṣẹ́ mìíràn níbẹ̀. Ní ọdún 2010 Steam dé orí kọ̀ǹpútà Mac, ní ọdún 2013 ó dé orí Linux. Wọ́n tún yí ọ̀nà tí àtúnṣe ń gbà rìn padà. Ọ̀nà tuntun náà, SteamPipe, ń gé eré sí ègé tí ọ̀kọ̀ọ̀kan tó nǹkan bí mẹ́gábáìtì 1, ègé tí ó bá yí padà nìkan ni a sì ń gbà wọlé, gẹ́gẹ́ bí ẹni pé òǹtẹ̀wé fi ojú-ìwé mẹ́ta péré ránṣẹ́ dípò odindi ìwé. Ọgbọ́n tí ó yẹ kí a yìn ni. Síbẹ̀, bí ilé-iṣẹ́ tí ó ṣe eré bá di gbogbo rẹ̀ pọ̀ sínú fáìlì gàgàrà kan, tí ó sì da ètò inú rẹ̀ rú nígbà tí ó ń tún un ṣe, ègé púpọ̀ ni yóò yí padà nítorí ohun kékeré. Pẹ̀lú èyí, ẹ̀rọ eléré gbọ́dọ̀ tún fáìlì gàgàrà náà kọ láti ìbẹ̀rẹ̀, àyè sì gbọ́dọ̀ wà lórí díìsìkì fún un. Aránṣọ tí ó tú odindi agbádá nítorí bọ́tìnnì kan ni irú ilé-iṣẹ́ bẹ́ẹ̀.

Àṣẹ wo ni ó wá kù fún eléré? Bí ó bá tẹ orúkọ eré, tí ó sì ṣí ibi tí ètò rẹ̀ wà, yóò rí i pé òun lè sọ fún Steam kí ó máa tún eré náà ṣe nígbà gbogbo, tàbí kí ó dúró di ìgbà tí òun bá fẹ́ ṣí i, tàbí kí ó fi í ṣáájú àwọn yòókù. Ó tún lè yan wákàtí tí àtúnṣe yóò máa wọlé, kí ó dín ìyára rẹ̀ kù, kí ó sì kọ̀ pé kí ohunkóhun má wọlé nígbà tí òun ń ṣeré lọ́wọ́. Ṣùgbọ́n ó ní ohun kan tí ó ti wà níbẹ̀ rí tí wọ́n mú kúrò: àṣẹ pé kí wọ́n má tún eré kan ṣe rárá. Èyí tí ó rọ́pò rẹ̀, pé kí àtúnṣe dúró di ìgbà tí a bá ṣí eré, jọ ọ́ ní ojú lásán, ṣùgbọ́n kò jọ ọ́ nínú. Bí alejò bá gbà láti dúró lẹ́yìn ilé títí onílé yóò fi ṣílẹ̀kùn, wíwọlé ni yóò wọlé bí ó bá ṣí i. Àwọn eléré tí wọn kò gbà a máa gé ẹ̀rọ wọn kúrò lórí íntánẹ́ẹ̀tì, tàbí kí wọ́n ti fáìlì tí Steam fi ń ṣọ́ eré náà pa kí ó má baà lè kọ nǹkan sí i. Àwọn ilé-iṣẹ́ kan ní àánú: Paradox Interactive ti ilẹ̀ Sweden, fún àpẹẹrẹ, a máa fi àwọn ẹ̀dà àtijọ́ eré rẹ̀ sílẹ̀ kí ẹni tí ó bá fẹ́ lè padà sí i.

Owó ni ìdí àkọ́kọ́ tí ènìyàn fi lè kọ àtúnṣe. Ní Ìbàdàn tàbí Kánò tàbí Accra, níbi tí ọ̀pọ̀ ènìyàn ti ń ra dátà ní ìwọ̀n-ìwọ̀n, àtúnṣe ńlá kan lè jẹ dátà oṣù kan tán ní òru. Ó sì yẹ kí a kíyè sí i pé dídín ìyára kù kò dín dátà kù. Omi tí ń kán tó-tó-tó yóò kún ìkòkò kan náà. Ìrànlọ́wọ́ tòótọ́ fún irú àwọn bẹ́ẹ̀ dé ní ọdún 2023, nígbà tí Steam gbà kí kọ̀ǹpútà kan máa gba eré àti àtúnṣe láti ara kọ̀ǹpútà mìíràn nínú ilé kan náà, láìgba orí íntánẹ́ẹ̀tì wá.

Ìdí kejì ni iṣẹ́ ọwọ́ àwọn eléré fúnra wọn. Counter-Strike tí ó mú kí Steam wáyé jẹ́ iṣẹ́ àfikún lórí iṣẹ́ ẹlòmíràn. Ó jẹ́ ohun ìyanu pé irú iṣẹ́ bẹ́ẹ̀ gan-an ni àtúnṣe àìròtẹ́lẹ̀ ń bàjẹ́ jù lọ. Eré Skyrim, tí Bethesda ṣe, jáde ní ọjọ́ 11 oṣù kọkànlá ọdún 2011, àwọn eléré sì ti fi ọ̀pọ̀lọpọ̀ àfikún kún un. Púpọ̀ nínú àfikún wọ̀nyí gbára lé mímọ ibi tí nǹkan wà gan-an nínú eré náà. Nígbà tí àtúnṣe dé ní ọjọ́ tí ó pé ọdún mẹ́wàá, ibi gbogbo yí, irú àfikún bẹ́ẹ̀ sì dákẹ́ títí àwọn tí ó ni wọ́n fi tún wọn ṣe. Ní ọdún 2024, àwọn ọ̀dọ́ kan tí wọ́n ti fi ọ̀pọ̀ ọdún gbé ìlú Lọ́ńdọ̀nù ka inú eré Fallout 4 ti mú ọjọ́ 23 oṣù kẹrin láti gbé iṣẹ́ wọn jáde. Bethesda kéde àtúnṣe Fallout 4 fún ọjọ́ 25 oṣù náà. Wọ́n ní láti sún ọjọ́ wọn síwájú, ọjọ́ 25 oṣù keje ni Fallout: London sì tó jáde.

Èyí tí ó burú jù ni àtúnṣe tí kì í ṣe àtúnṣe. Nígbà tí ẹ̀tọ́ Rockstar lórí àwọn orin kan nínú Grand Theft Auto IV parí ní oṣù kẹrin ọdún 2018, ọdún mẹ́wàá lẹ́yìn tí eré náà jáde, àtúnṣe kan wọlé ó sì kó àwọn orin náà lọ, àní lọ́dọ̀ àwọn tí wọ́n ti san owó wọn tipẹ́. Ohun tí ó ṣẹlẹ̀ sí San Andreas ní ọdún 2014 kò yàtọ̀. Ta ni ó rí i rí kí òǹtàwé wọ ilé olùkọ́ kí ó ya orí kan kúrò nínú ìwé rẹ̀?

Òdodo ọ̀rọ̀ ni pé àwọn tí ń gbèjà àtúnṣe àìbéèrè ní ẹjọ́ rere. Ní oṣù kìíní ọdún 2022, wọ́n ní láti pa àwọn sẹ́fà Dark Souls fún kọ̀ǹpútà nítorí àlébù kan tí aṣebi fi lè gba àkóso ẹ̀rọ ẹni tí ń bá a ṣeré. Oṣù kẹjọ ni ti Dark Souls III tó padà. Bí irú àlébù bẹ́ẹ̀ bá wà, fífi àtúnṣe sí ọwọ́ ẹni tí yóò gbàgbé rẹ̀ léwu fún òun àti aládùúgbò rẹ̀. Valve náà sì ti fi hàn pé òun lè fà sẹ́yìn nígbà tí ó bá yẹ: ní oṣù kẹta ọdún 2020, nígbà tí àrùn Kòrónà sé gbogbo ayé mọ́lé tí íntánẹ́ẹ̀tì sì fún pọ̀, ó pàṣẹ pé eré tí ẹni tí ó ni ín ṣe láàárín ọjọ́ mẹ́ta sẹ́yìn nìkan ni kí a máa tún ṣe lójú ẹsẹ̀, kí àwọn yòókù dúró de wákàtí tí ọ̀nà bá dá.

Ẹni tí ó ni ẹrú ni ó ni ẹrù, bí àwọn àgbà ti máa ń wí. Ta ni ó wá ni eré tí a rà? Ìpínlẹ̀ California dá sí i ní oṣù kẹsàn-án ọdún 2024 pẹ̀lú òfin kan tí iṣẹ́ rẹ̀ bẹ̀rẹ̀ ní ọjọ́ 1 oṣù kìíní ọdún 2025: ẹni tí ń ta irú ọjà bẹ́ẹ̀ kò gbọdọ̀ lo ọ̀rọ̀ náà "rà" láìsọ fún oníbàárà pé ìyọ̀ǹda láti lò ó ni òun ń gbà. Kí oṣù kẹwàá ọdún 2024 tó parí, Steam ti fi ìkìlọ̀ náà sí ibi tí a ti ń sanwó. GOG, olùtajà mìíràn tí ó ti ń ta eré láìfi àgádágodo sí i láti ọdún 2008, kò jẹ́ kí àyè náà kọjá. Ó rán àwọn oníbàárà rẹ̀ létí pé fáìlì eré tí wọ́n bá ti gbà sílẹ̀ lọ́dọ̀ òun, kò sí ẹni tí ó lè gbà á lọ́wọ́ wọn.