Láti Odò dé Ibi Ìdíje: Éric Moussambani àti Àwọn Òmùwẹ̀ Ilẹ̀ Wa

Ní agbègbè Ọ̀wọ̀ àti Ọ̀sẹ̀ ní Ìpínlẹ̀ Oǹdó, odò ni ilé ẹ̀kọ́ ìlúwẹ̀ẹ́. Ẹ̀gbọ́n á fi àtẹ́lẹwọ́ gbé ikùn àbúrò rẹ̀ sókè lórí omi, á ní kó máa fi ẹsẹ̀ gbá omi, kó máa fi ọwọ́ wọ́ ọ. Nígbà tí àbúrò bá gbàgbé pé ọwọ́ ẹnìkan wà lábẹ́ òun, ẹ̀gbọ́n á rọra yọ ọwọ́ rẹ̀ kúrò. Ọmọ náà á gbé omi mì lẹ́ẹ̀kan, lẹ́ẹ̀mejì, kó tó di pé omi gbà á. Tó bá yá, á bá àwọn ẹgbẹ́ rẹ̀ mòòkùn, ẹni tó bá là ní ọ̀ọ́kán jù lọ ni akọni ọjọ́ náà. Ẹnikẹ́ni kì í wo agogo.

Báyìí náà ni gbogbo ayé ṣe bẹ̀rẹ̀. Nígbà tí wọ́n ṣe ìdíje Olympics àkọ́kọ́ ti ayé òde òní ní Áténì lọ́dún 1896, inú òkun ni àwọn òmùwẹ̀ ti díje. Lọ́dún 1900, odò Seine ní Párísì ni wọ́n lò. Ọdún 1908 ní Lọ́ńdọ́nù ni wọ́n kọ́kọ́ gbẹ́ adágún sínú pápá ìṣeré fún ìdíje Olympics, ọdún yẹn náà sì ni wọ́n dá àjọ tó ń ṣàkóso ìlúwẹ̀ẹ́ lágbàáyé sílẹ̀. Àwọn obìnrin kò rí àyè wọlé títí di ọdún 1912 ní Stockholm. Láti ìgbà tí adágún ti dé ni ìlúwẹ̀ẹ́ ti di ọ̀rọ̀ ìwọ̀n: wọ́n ń wọn gígùn omi, agogo ni wọ́n sì fi ń ṣèdájọ́ gbogbo èèyàn.

Kì í ṣe pé àwa kò mọ̀wẹ̀ kó tó di ìgbà náà. Lọ́dún 1602, ọmọ ilẹ̀ Holland kan, Pieter de Marees, tẹ ìwé kan jáde nípa etíkun Gánà òde òní, ó sì yin àwọn èèyàn ibẹ̀ fún bí wọ́n ṣe mọ̀wẹ̀ tí wọ́n sì mọ bí a ṣe ń mòòkùn. Ní Ìpínlẹ̀ Oǹdó yìí náà, ta ni yóò kọ́ ọmọ Ìlàjẹ ní omi? Àwọn tó ń kọ́lé sórí omi, tí ọmọ wọn ń tukọ̀ lọ sílé ìwé. Ohun tó jìnnà sí wa ni adágún, agogo àti olùkọ́. Ìtàn ọkùnrin kan fi èyí hàn kedere.

Éric Moussambani ni orúkọ rẹ̀. Wọ́n bí i ní ọjọ́ 31 oṣù Karùn-ún ọdún 1978, ní orílẹ̀-èdè Equatorial Guinea. Malabo, olú-ìlú wọn nígbà náà, wà lórí erékùṣù Bioko, èyí tí àwọn àgbà wa mọ̀ sí Fernando Po, níbi tí ọ̀pọ̀ ọmọ Nàìjíríà ti lọ ṣiṣẹ́ oko kòkó láyé àtijọ́. Ìgbìmọ̀ Olympics máa ń fún àwọn orílẹ̀-èdè tí ìlúwẹ̀ẹ́ kò tíì rinlẹ̀ níbẹ̀ ní àyè láti mú òmùwẹ̀ wá, bí wọn kò tilẹ̀ kúnjú ìwọ̀n àkókò tí wọ́n là sílẹ̀. Àyè yìí ni Moussambani gbà wọ ìdíje Sydney ti ọdún 2000. Kò tíì tó ọdún kan tó bẹ̀rẹ̀ sí í kọ́ ìlúwẹ̀ẹ́.

Adágún hòtẹ́ẹ̀lì kan ní Malabo ló ti ń kọ́ ọ. Gígùn rẹ̀ kò tó mítà 15, àfẹ̀mọ́júmọ́ nìkan ni wọ́n sì ń gbà á láyè níbẹ̀, kí àwọn àlejò tó jí. Kò ní olùkọ́. Ó ń lọ sínú odò àti òkun, àwọn apẹja ló ń sọ fún un bí yóò ṣe máa lo ẹsẹ̀. Nígbà tó dé Sydney, òun ló gbé àsíá orílẹ̀-èdè rẹ̀ níbi ayẹyẹ ìṣíde. Ìgbà tó wọ ibi ìdíje ló kọ́kọ́ fojú rí adágún tó gùn tó mítà 50.

Ọjọ́ 19 oṣù Kẹsàn-án ọdún 2000 ni ọjọ́ náà pé. Mẹ́ta péré ni àwọn tó wà ní ìsọ̀rí rẹ̀ nínú ìdíje mítà 100: òun, Karim Bare láti orílẹ̀-èdè Niger, àti Farkhod Oripov láti Tajikistan. Àwọn méjì yòókù bẹ́ sómi kí ìró ìbẹ̀rẹ̀ tó dún, wọ́n sì lé wọn kúrò. Ló bá ku Éric nìkan lórí ìdúró, níwájú ẹgbẹẹgbẹ̀rún èèyàn. Ó bẹ́ sómi. Mítà 50 àkọ́kọ́ kò burú. Lẹ́yìn tó yí padà, apá bẹ̀rẹ̀ sí í wúwo, ẹsẹ̀ ń rì, ó dà bí ẹni pé kò kúrò lójú kan mọ́. Àwọn tó ń wò ó kọ́kọ́ ya ẹnu, wọ́n bẹ̀rù pé omi fẹ́ gbé e. Lẹ́yìn náà ni wọ́n dìde, wọ́n ń pariwo, wọ́n ń pàtẹ́wọ́, àfi bí ẹni pé ariwo wọn ló ń tì í lẹ́yìn. Ó nawọ́, ó kan ògiri.

Ìṣẹ́jú 1 àti ìṣẹ́jú àáyá 52.72 ni agogo kọ. Lọ́jọ́ kan náà, Pieter van den Hoogenband ti ilẹ̀ Netherlands wẹ mítà 100 yẹn ní ìṣẹ́jú àáyá 47.84, èyí tó jẹ́ àkọsílẹ̀ tuntun lágbàáyé. Kódà, mítà 200 tí ọkùnrin yìí wẹ̀ ní ọ̀sẹ̀ yẹn, ìṣẹ́jú 1 àti ìṣẹ́jú àáyá 45.35 ló gbà á. Àmọ́ àkókò tí Moussambani lò ni ẹnikẹ́ni láti orílẹ̀-èdè rẹ̀ kọ́kọ́ lò fún mítà 100 níbi Olympics. Paula Barila Bolopa, ọmọ orílẹ̀-èdè rẹ̀, wẹ mítà 50 ti àwọn obìnrin nínú ìdíje yẹn kan náà, ó sì parí tirẹ̀ náà.

Ọ̀pọ̀ èèyàn rò pé ibẹ̀ ni ìtàn rẹ̀ parí sí. Kò rí bẹ́ẹ̀. Moussambani kò jáwọ́. Láàárín ọdún mẹ́rin, àkókò rẹ̀ fún mítà 100 ti wálẹ̀ sí ìsàlẹ̀ ìṣẹ́jú àáyá 57. Ẹ wo ìyàtọ̀ náà: ara kan náà ni, ọkùnrin kan náà ni, àdínkù rẹ̀ sì fẹ́rẹ̀ẹ́ tó ìdajì. Ó ṣeni láàánú pé ìṣòro ìwé àṣẹ ìrìnnà kò jẹ́ kó dé ìdíje Áténì ti ọdún 2004. Lọ́dún 2012, wọ́n fi í ṣe olùkọ́ àgbà fún àwọn òmùwẹ̀ orílẹ̀-èdè rẹ̀, níbi tí adágún onímítà 50 ti wá wà báyìí.

Bí a bá fẹ́ mọ ibi tí irú ọ̀nà yìí lè gbé ènìyàn dé, ẹ jẹ́ ká rántí Anthony Nesty ti Suriname. Adágún onímítà 50 kan ṣoṣo ló wà ní orílẹ̀-èdè rẹ̀ nígbà náà. Síbẹ̀ ní Seoul lọ́dún 1988, ó wẹ mítà 100 aláṣà labalábá ní ìṣẹ́jú àáyá 53.00, ó fi ìdá kan nínú ọgọ́rùn-ún ìṣẹ́jú àáyá ṣẹ́gun Matt Biondi ti Amẹ́ríkà. Òun ni ọkùnrin aláwọ̀ dúdú àkọ́kọ́ tó gba àmì ẹ̀yẹ wúrà nínú ìlúwẹ̀ẹ́ Olympics.

Ní Nàìjíríà, pápá ìṣeré orílẹ̀-èdè ní Sùúrùlérè, Èkó, tí wọ́n lò fún Ìdíje Gbogbo Áfíríkà lọ́dún 1973, ní adágún ìlúwẹ̀ẹ́ tirẹ̀. Ọmọ Yorùbá ló sì jẹ́ ká rántí ìlúwẹ̀ẹ́ níbi Olympics ti Tokyo. Ní oṣù Keje ọdún 2021, Abíọ́lá Ògúnbánwò, ọmọ ọdún 17, wẹ mítà 100 ní ìṣẹ́jú àáyá 59.74, ó sì fi í di àkọsílẹ̀ tuntun fún Nàìjíríà. Emma McKeon ti Ọsirélíà ló gba wúrà ìdíje náà pẹ̀lú 51.96. Ìyàtọ̀ tó wà láàárín wọn kò tó ìṣẹ́jú àáyá mẹ́jọ. Kì í ṣe ọ̀gbun tí a kò lè kọjá.

Kékeré la ti ń pẹ̀ka ìrókò. Òmùwẹ̀ tó fẹ́ dé Olympics gbọ́dọ̀ bẹ̀rẹ̀ láti kékeré, kó kọ́ bí a ṣe ń bẹ́ sómi, bí a ṣe ń mí láìgbé orí sókè jù, bí a ṣe ń takìtì lẹ́bàá ògiri láti yí padà. Odò kò ní ògiri, nítorí náà kò lè kọ́ni ní èyí tó gbẹ̀yìn yẹn. Odò sì tún léwu: Àjọ Ìlera Àgbáyé sọ pé nǹkan bí 300,000 èèyàn ló bómi lọ lágbàáyé lọ́dún 2021, àwọn ọmọdé ló sì pọ̀ jù nínú ewu náà.

Ẹ̀yin aláṣẹ Ọ̀wọ̀ àti Ọ̀sẹ̀, ẹ̀yin olówó ìlú, ẹ̀yin ọmọ wa tó wà lẹ́yìn odi: adágún kan ṣoṣo, olùkọ́ kan tó mọṣẹ́ àti agogo kan tó péye lè gba ẹ̀mí ọ̀pọ̀ ọmọ là, kó sì gbé ọ̀kan nínú wọn dé ibi tí ayé yóò ti gbọ́ orúkọ Ọ̀wọ̀. Moussambani kò ní ju adágún hòtẹ́ẹ̀lì lọ, ó sì kan ògiri. Ẹ jẹ́ ká kọ́ ògiri tí àwọn ọmọ tiwa náà yóò kàn.