Téèpù Méjì, Orin Kan

Ṣé irọ́ ni orin tí ẹnikẹ́ni kò kọ báyìí láti ìbẹ̀rẹ̀ dé òpin rí? Ní ìparí ọdún 1966, ní ilé ìgbohùnsílẹ̀ EMI ní Lọ́ńdọ̀nù, àwọn Beatles gba “Strawberry Fields Forever” sílẹ̀ lọ́nà méjì: ọ̀kan tutù, èkejì kún fún ìlù, fèrè idẹ àti gòjé ńlá. Ìbẹ̀rẹ̀ ti ìṣáájú àti òpin ti ìkejì ni John Lennon fẹ́. Ṣùgbọ́n gíga ohùn wọn kò dọ́gba, ìyára wọn kò sì bára mu. George Martin àti Geoff Emerick mú téèpù kìíní yára díẹ̀, wọ́n dẹ eré ti èkejì, ohùn sì bá ohùn mu. Wọ́n gé wọn, wọ́n sì so wọ́n pọ̀. Bí aránṣọ bá so ìrépé aṣọ méjì pọ̀, ẹ̀wù ni a ń pè é. Nítorí náà, akẹ́kọ̀ọ́ ìtàn tó bá gbọ́ àwo orin, kí ó bèèrè ẹni tó kọ ọ́, kí ó sì bèèrè ẹni tó gé e.