Ẹni Tí Ó Gbé Epo Lájà: Louis Malle àti Ìrántí Ogun Hítílà

Ẹ̀yin ọmọ ilé-ìwé, ẹ súnmọ́ tòsí, nítorí pé inú kíláàsì ni ìtàn tòní ti ṣẹlẹ̀.

Ní oṣù kìíní ọdún 1944, nígbà tí ogun Hítílà ń lọ lọ́wọ́, àwọn ọlọ́pàá Jámánì tí à ń pè ní Gestapo wọ ilé-ìwé àwọn Fadà kan ní Avon, lẹ́bàá Fontainebleau, ní ilẹ̀ Faransé. Ọmọkùnrin Júù mẹ́ta ni wọ́n wá mú. Fadà Jacques, ọ̀gá ilé-ìwé náà, ni ó fi wọ́n pamọ́ sáàárín àwọn ọmọ yòókù pẹ̀lú orúkọ mìíràn, nítorí pé pípa ni àwọn ará Jámánì ń pa àwọn Júù, ìjọba Faransé tí Ọ̀gágun Pétain ń ṣe olórí rẹ̀ ní Vichy sì ń bá wọn mú wọn. Wọ́n kó àwọn ọmọ náà lọ sí Auschwitz, ibẹ̀ ni wọ́n sì pa wọ́n sí. Wọ́n fi Fadà sí àgọ́ ẹlẹ́wọ̀n ní Mauthausen. Ó rí òpin ogun, ṣùgbọ́n ìyà ti jẹ ẹ́ kọjá àtúnṣe; ó kú ní ọjọ́ kejì oṣù kẹfà ọdún 1945.

Ọmọ ọdún mọ́kànlá kan wà ní ilé-ìwé náà tí ó fojú rí i. Louis Malle ni orúkọ rẹ̀. Ọmọ olówó ni, kì í ṣe Júù. Nígbà tí ó dàgbà, ó di gbajúmọ̀ nínú iṣẹ́ sinimá. Síbẹ̀, ọdún mẹ́tàlélógójì kọjá kí ó tó fi ọ̀rọ̀ yìí han aráyé. Ní ọdún 1987 ni ó gbé *Au revoir les enfants* jáde, èyíinì ni, "Ó dàbọ̀, ẹ̀yin ọmọ". Bí Fadà ṣe dágbére nìyẹn nígbà tí wọ́n ń mú un lọ. Kò padà wá mọ́.

Ta ni ó tú àṣírí? Nínú sinimá náà, Joseph ni, ọmọkùnrin aláìní kan tí ń ṣiṣẹ́ nílé ìdáná, tí ẹsẹ̀ rẹ̀ kan kò dá ṣáṣá. Ó ń jí oúnjẹ ilé-ìwé tà. Àwọn ọmọ olówó ń fi oúnjẹ tí a fi ránṣẹ́ sí wọn láti ilé gba sìgá àti sítáǹbù lọ́wọ́ rẹ̀. Nígbà tí ọwọ́ tẹ̀ wọ́n, a lé Joseph lọ. Àwọn ọmọ olówó jẹ ìyà díẹ̀, ó parí. Fadà fúnra rẹ̀ gbà pé ìdájọ́ náà kò tọ́. Àwọn àgbà bọ̀, wọ́n ní ẹni tí ó gbé epo lájà kò jalè bí ẹni tí ó gbà á lọ́wọ́ rẹ̀. Joseph bínú, ó lọ bá àwọn ará Jámánì. Ẹ̀ṣẹ̀ ńlá ni, omi kò lè wẹ̀ ẹ́ nù. Ṣùgbọ́n ǹjẹ́ òun nìkan ni ó jẹ̀bi?

Nígbà tí ará Jámánì wọ kíláàsì tí ó bèèrè ọmọ Júù, ọmọ tí ó dúró fún Malle yíjú wo ọ̀rẹ́ rẹ̀ lẹ́ẹ̀kan péré. Kò gbèrò ibi, ẹ̀rù ni. Ṣùgbọ́n ojú lọ̀rọ̀ wà. Ẹni tí ń ṣọ́ ọ rí i. Ní ìparí, ohùn Malle gan-an ni à ń gbọ́, tí ó ní títí ikú òun, òun kò ní gbàgbé òwúrọ̀ ọjọ́ náà.

Lẹ́yìn ogun, ọ̀pọ̀ ará Faransé fẹ́ràn kí a máa sọ pé gbogbo wọn ni ó dojú kọ Jámánì. Malle kò fara mọ́ ọn. Ní ọdún 1974, ó ti ṣe *Lacombe, Lucien*, ìtàn ọmọ oko kan tí ó fẹ́ bá àwọn tí ń jà fún ilẹ̀ wọn ṣiṣẹ́. Tíṣà kan kọ̀ ọ́ nítorí pé ó kéré. Ó wá bọ́ sọ́wọ́ àwọn tí ń sin Jámánì, ó sì tú àṣírí tíṣà náà. Ọ̀pọ̀ ènìyàn bínú sí sinimá yẹn.

Malle kú ní ọdún 1995. Kò sọ pé ọ̀dàlẹ̀ àti olóòótọ́ jẹ́ ọ̀kan náà. Fadà Jacques mọ ewu tí ó wà níbẹ̀, ó sì ṣí ilẹ̀kùn. Ẹ̀yin ọmọ, nígbà tí ẹ bá ń ka ìtàn ogun, ẹ bèèrè ẹni tí ó gbé epo. Ṣùgbọ́n ẹ má gbàgbé láti bèèrè ẹni tí ó gbà á.